Kóòtù Dúdú, Kóòtù Funfun

Bọ́tìnnì kan ṣoṣo ló kù kí aránṣọ náà rán mọ́ kóòtù funfun nígbà tó gbọ́ ìró bàtà. Ó gbójú sókè. Abẹ́rẹ́ fẹ́rẹ̀ẹ́ gún un. Ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin ló dúró lẹ́nu ọ̀nà, ẹni tó kọ́ ọ níṣẹ́. Ọdún mẹ́ta rèé tí aránṣọ ti kẹ́rù kúrò ní ṣọ́ọ̀bù ẹ̀gbọ́n náà láìdágbére; láti ìgbà náà, wọn ò bára wọn sọ̀rọ̀ mọ́.

“Èmi ni mo pè wọ́n,” ni ayàwòrán tó fẹ́ ya fíìmù wọn wí, kò jẹ́ kójú àwọn méjèèjì ṣe mẹ́rin. “Ẹni tó fẹ́ wọ kóòtù dúdú ti fi ẹsẹ̀ rọ́. Oòrùn ò sì ní dúró dè wá.”

Fíìmù kábọ́ì kúkúrú ni wọ́n fẹ́ fi polówó aṣọ tí aránṣọ rán, láìsí ọ̀rọ̀, láìsí ìbọn. Obìnrin méjì tó dé àkẹtẹ̀ yóò dojú kọra nínú eruku, àlùmọ́gàjí nínú àpò ìbàdí wọn. Aránṣọ fúnra rẹ̀ ni yóò wọ kóòtù funfun; kóòtù dúdú ni yóò kọ́kọ́ gbójú sílẹ̀, yóò sì pàdánù. Àwọn tó fẹ́ kó aṣọ náà sí ìsọ̀ ńlá wọn ń retí fíìmù lọ́la.

Ẹ̀gbọ́n fi àtàǹpàkò tọ ojú rírán kóòtù dúdú náà wò. Ó gbé e wọ̀.

“Ibo ni kí n dúró sí?”

“Lẹ́bàá ògiri níta, Àǹtí,” ni aránṣọ dáhùn.

“Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má gúnra yín o,” ni ayàwòrán wí, “fíìmù ni.” Kò sẹ́ni tó rẹ́rìn-ín.

Aránṣọ rán bọ́tìnnì tó kù, ó wọ kóòtù funfun, ó jáde lọ dojú kọ ẹ̀gbọ́n rẹ̀. Kámẹ́rà bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́. Ojú lọ̀rọ̀ wà, ṣùgbọ́n ojú ẹ̀gbọ́n yìí ò ṣeé kà. Kò gbójú sílẹ̀ bí wọ́n ṣe ní kó ṣe. Ó ń bọ̀, ìṣísẹ̀ kan, òmíràn. Ó fa àlùmọ́gàjí yọ.

Aránṣọ fà sẹ́yìn.

Ẹ̀gbọ́n gbá kọ́là kóòtù funfun mú, ó gé fọ́nrán òwú kan tó yọ síta, gẹ́lẹ́ bó ti máa ń ṣe kí aṣọ tó kúrò ní ṣọ́ọ̀bù.

Kí aránṣọ tó mọ̀, ó ti wà lórí ìkúnlẹ̀ níwájú ẹ̀gbọ́n rẹ̀ nínú eruku, pẹ̀lú kóòtù tó fi oṣù méje rán.

“Ṣé ká tún un yà?” ayàwòrán béèrè. “Kóòtù dúdú ló yẹ kó pàdánù.”

“Má tún un yà,” ni aránṣọ dáhùn.

Ẹ̀gbọ́n nawọ́ sí i láti gbé e dìde. Aránṣọ dì í mú. Ọwọ́ náà tutù, ó sì ń gbọ̀n. Ọdún mẹ́ta gbáko ló ti rò pé òun nìkan ni ẹ̀rù ìpàdé yìí ń bà.