Apá Ọ̀tún Gildo

Leovigildo Valdespino, tí wọ́n ń pè ní Gildo, ba apá ọ̀tún rẹ̀ jẹ́ lọ́jọ́ ọdún San Juan, lórí pápá ìlú rẹ̀, níbi eré bésíbọ́ọ̀lù tí kò sẹ́ni tó sanwó fún un láti ṣe.

Ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin, Nereida, wà níbẹ̀. Òun ló kọ́kọ́ gba bọ́ọ̀lù Gildo mú. Nígbà tí wọ́n kéré, ẹ̀yìn abà tí wọ́n ti ń gbẹ ewé tábà ni wọ́n máa ń lọ. Gildo á ju bọ́ọ̀lù akísà, Nereida á fi ìbọ̀wọ́ tó fi àpò ìyẹ̀fun rán gbà á. Bọ́ọ̀lù náà máa ń dún lọ́wọ́ rẹ̀ bíi máńgòrò tó já sórí ilẹ̀ tútù. Ìró yẹn bá a wọnú oorun. Ó dàgbà, ó lọ́kọ, ọkọ kú, síbẹ̀ bó bá ti sùn, ẹ̀yìn abà ló ń bá ara rẹ̀. Bọ́ọ̀lù á máa bọ̀ nínú òórùn tábà, pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́, bí ẹyẹ tí kò mọ ibi tó fẹ́ bà sí. Kì í dé ọwọ́ rẹ̀ tí ilẹ̀ fi ń mọ́.

Gildo wá di ẹni tí wọ́n ń sanwó fún láti ju bọ́ọ̀lù sí ẹni tó ń fi igi gbá a. Nígbà ẹ̀ẹ̀rùn, Havana ló ti ń ju bọ́ọ̀lù. Nígbà òjò, ó di Mexico. Kò sí ìsinmi láàárín. Rédíò ṣọ́ọ̀bù Baba Casimiro á pe orúkọ rẹ̀, àwọn ọkùnrin á sún fún Nereida kó lè jókòó sórí àpò ìrẹsì tó sún mọ́ rédíò jù. Á pa ojú dé. Ariwo èrò Havana á máa dún bí òjò lórí pápá tábà, á sì máa rí àbúrò rẹ̀ láàárín òjò náà, ẹlẹ́sẹ̀ gígùn, elétí ńlá.

Lọ́dún tí à ń sọ yìí, Gildo kò lọ Mexico. Ilé ló wá.

"Dókítà ẹgbẹ́ wa ní n ò gbọdọ̀ fọwọ́ kan bọ́ọ̀lù títí òjò á fi lọ," ó sọ fún Nereida.

"Má fọwọ́ kàn án nígbà náà."

Ó ń fi ọ̀rá òjòlá ra apá náà fún un láràárọ̀. Àmọ́ ọdún San Juan ń bọ̀, ọjọ́ tí ìlú wọn máa ń bá ìlú òdìkejì odò gbá bésíbọ́ọ̀lù. Ọmọ ìlú tó bá ń jẹun nídìí bọ́ọ̀lù ló gbọ́dọ̀ jù ú lọ́jọ́ náà, ẹni tó bá sì bẹ̀rẹ̀ ló máa ń parí.

"Gildo, ṣé Havana ti ra gbogbo apá ẹ tán ni?" Baba Casimiro bi í ní ṣọ́ọ̀bù. "Ṣé kò ṣẹ́ ku ìka kan fún wa?"

"Baba, apá ń dùn mí ni."

"Tèmi náà ń dùn mí. Mo ṣì ń fi gbé àpò ìrẹsì."

"Ẹ fi í sílẹ̀," ni ẹnì kan wí. "Ẹ ò rí bàtà ẹsẹ̀ ẹ̀ ni? Ìyẹn ò lè tẹ erùpẹ̀ tiwa."

Wọ́n rẹ́rìn-ín. Gildo náà rẹ́rìn-ín, àmọ́ ó tètè lọ sílé.

Ó ní kí Nereida bá òun lọ sẹ́yìn abà. Ó ju bọ́ọ̀lù díẹ̀. Bọ́ọ̀lù náà dún lọ́wọ́ Nereida bí aṣọ tútù tó já lórí okùn.

"Má lọ," Nereida wí.

"Wọ́n á ní mo ti di ará Havana, Àǹtí. Ṣé ẹ lè jókòó ní ṣọ́ọ̀bù kí wọ́n máa pè mí bẹ́ẹ̀?"

Nereida rántí àpò ìrẹsì.

"Ìpele kan péré nínú mẹ́sẹ̀ẹ̀sán," ó wí nígbẹ̀yìn. "Lẹ́yìn náà, gbé bọ́ọ̀lù fún ẹlòmíì."

"Ìpele kan, Àǹtí."

Lọ́jọ́ náà, oòrùn mú, èéfín ẹlẹ́dẹ̀ sísun bo pápá, ojú gbogbo èèyàn rí bí ojú ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ jí. Ìpele kan lọ. Baudilio, onígbàjámọ̀ tó ń darí ẹgbẹ́ ìlú, lọ bá Gildo ó sì na ọwọ́ fún bọ́ọ̀lù. Nereida ti bẹ̀ ẹ́ kó ṣe bẹ́ẹ̀. Gildo kò tíì fún un. Ibi tí Nereida jókòó ló ń wò. Baba Casimiro náà yíjú wo Nereida, àwọn tó kù tẹ̀ lé e.

Kí Nereida kàn mi orí pé kó má jù ú mọ́ ló kù. Àmọ́ nínú èéfín yẹn, ó jọ pé ẹ̀yìn abà ni òun wà, bọ́ọ̀lù ń bọ̀, ó sì wù ú kó dé ọwọ́ òun lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo. Ó na àgbọ̀n sí Gildo pé kó máa jù ú lọ.

Gildo ju ìpele mẹ́sẹ̀ẹ̀sán. Bọ́ọ̀lù ìkẹyìn kọjá lára igi ẹni tó fẹ́ gbá a, ó wọ ìbọ̀wọ́ ẹni tó ń gbà á, ó sì dún bíi máńgòrò tó já sórí ilẹ̀ tútù. Gbogbo ìlú dìde. Apá Gildo rọ̀ wálẹ̀ bí apá ẹ̀wù tí kò sẹ́ni nínú rẹ̀.

Nígbà tí ẹ̀ẹ̀rùn dé, orúkọ ẹlòmíì ni rédíò ń pè láti Havana. Wọ́n ṣì ń sún fún Nereida ní ṣọ́ọ̀bù. Kì í jókòó mọ́. Kò sì lá àlá bọ́ọ̀lù mọ́.

Gildo ń gún ewé tábà lókùn báyìí, ó sì mọ̀ ọ́n ṣe. Àmọ́ òkè àjà abà ni wọ́n ń gbé ọ̀pá tí wọ́n so ewé mọ́ kọ́ sí kó lè gbẹ, apá rẹ̀ kò sì lè kọjá àyà. Òun á fi ọwọ́ òsì na ọ̀pá náà sókè. Nereida, tí irun orí rẹ̀ ti funfun tán, ló ń gun igi àjà lọ láìwọ bàtà láti gbà á.