Taisija Fi Fífò Sílẹ̀, Ó Kọ́ Ijó

Olójúmìító ni mí, mi ò ní purọ́. Ẹni tó bá ti wa tráàmù, ọkọ̀ èrò tó ń rìn lórí irin, nígboro Brno, ìlú wa ní àárín Yúróòpù, pẹ́ bíi tèmi, ọ̀rọ̀ ọlọ́rọ̀ á ti mọ́ ọn lára, torí gbogbo ayé ló ń tú àṣírí lẹ́yìn rẹ̀ bí ẹni pé awakọ̀ ò létí. Torí náà, lọ́sàn-án ọjọ́ tí Radim ọmọ mi wọlé tó ní ọmọbìnrin kan ń bọ̀ láti ìlú Perm ní Rọ́ṣíà, pé yàrá òkè wa ló máa gbé, mi ò jẹ́ kó rí àyè bọ́ bàtà.

"Perm? Kí ló ń wá níbí?"

"Èmi ló ń wá, Màmá. Ó fẹ́ bá mi jó."

Láti kékeré ni Radim ti ń jó lórí yìnyín. Ọkùnrin kan, obìnrin kan, bàtà onírin lẹ́sẹ̀ àwọn méjèèjì, orin á máa lọ, wọn ò sì gbọdọ̀ jìnnà síra wọn. Ọmọbìnrin tó ń bá a jó tẹ́lẹ̀ ti fẹ́ oníṣègùn eyín kan, ó ti bá a lọ sí Austria. A wá ẹlòmíì títí nílùú wa, a ò rí. Ní Perm ní tiwọn, àwọn ọmọbìnrin tó mọ eré orí yìnyín pọ̀ bí olú lẹ́yìn òjò, ọkùnrin ló wọ́n wọn. Drahomíra tó ń kọ́ Radim ló pe ọ̀rẹ́ rẹ̀ kan níbẹ̀ lórí fóònù, ọ̀rẹ́ náà ló sì dárúkọ Taisija.

"Ṣé ó mọ̀ ọ́n jó?" mo bi í.

Radim họ orí. "Kò jó rí. Fífò ló ń fò."

Ọ̀rọ̀ yẹn ò kúrò lọ́kàn mi títí ọmọ náà fi dé. Àwọn tó ń fò, eré tiwọn yàtọ̀. Ẹnì kan ṣoṣo ló ń jáde sórí yìnyín, á sáré, á fò sókè, á yí bí òkòtó nínú afẹ́fẹ́, á sì fi ẹsẹ̀ kan balẹ̀. Kò di ẹnikẹ́ni mú, kò gbára lé ẹnikẹ́ni. Báwo ni ẹni tó ti ń dá ṣe nǹkan rẹ̀ látọmọdé ṣe máa wá fọwọ́ lé ọwọ́ Radim, ọmọ èmi Libuše Kubešová, kó ní kó máa fa òun lọ?

Èmi ni mo lọ pàdé rẹ̀ níbùdókọ̀ ojú irin. Kíá ni mo dá a mọ̀. Ó ga, ó tẹ́ẹ́rẹ́, ó gbé bàtà onírin rẹ̀ kọ́rùn bí ẹni pé olè ti ń ṣọ́ ọ, ó sì ń wo gbogbo ògiri pẹ̀lú ìfura. Èdè Rọ́ṣíà tí wọ́n fi dandan kọ́ àwa àgbà nílé ìwé láyé ọjọ́un ni mo fi kí i. Ara rẹ̀ balẹ̀ díẹ̀. Nígbà tí a wọ tráàmù, ó tẹ̀ sí mi létí.

"Màmá, ẹ má bínú o. Kí ló dé tí ìlú yìí ń bú èèyàn?"

"Ta ló bú ẹ?"

Ó nawọ́ sí ilẹ̀kùn. POZOR ni wọ́n kọ síbẹ̀, ìyẹn ni pé kéèyàn ṣọ́ra. Lédè tiwọn, ìtìjú ni wọ́n ń pè bẹ́ẹ̀. Àṣé látìgbà tọ́mọ ọlọ́mọ ti sọ̀ kalẹ̀, ìtìjú, ìtìjú, ìtìjú ló ń kà lára gbogbo ilẹ̀kùn. Mo rẹ́rìn-ín débi pé awakọ̀ bojú wẹ̀yìn.

"Ó dáa bó o ṣe tètè bi mí," mo ní. "Aládùúgbò wa kọ ọ́ sára géètì rẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ àwòrán ajá. Ajá ọ̀hún ò sì tijú rárá."

Nídìí oúnjẹ ni mo ti gbọ́ ìtàn rẹ̀. Mo se ẹran màlúù pẹ̀lú knedlíky, ó ń fi fọ́ọ̀kì ti ìyẹ̀fun sísè náà sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, ó ń sọ̀rọ̀. Lọ́mọ ọdún mẹ́ẹ̀ẹ́dógún, òun ló ṣe ipò kẹta nínú gbogbo ọmọbìnrin tó ń dá fò ní Rọ́ṣíà láàárín àwọn ọ̀dọ́. Nígbà ẹ̀ẹ̀rùn tó tẹ̀ lé e, ó bẹ̀rẹ̀ sí í ga. Kò sí ohun tí wọn ò ṣe. Wọ́n dín oúnjẹ rẹ̀ kù, ó ń ga. Wọ́n pààrọ̀ bàtà rẹ̀, ó ń ga. Gbogbo fífò rẹ̀ sì ń lọ lọ́kọ̀ọ̀kan, bí ìgbà tí eyín bá ń ká lẹ́nu àgbàlagbà. Rimma Arkadyevna tó kọ́ ọ láti ọmọ ọdún márùn-ún ló pè é sẹ́gbẹ̀ẹ́ yìnyín lọ́jọ́ kan, tó ní, "Taisija, o ti di àkàbà. Mi ò mọ bí wọ́n ṣe ń kọ́ àkàbà ní fífò. Máa lọ sílé."

"Ó mà bí ẹ nínú o," mo ní.

Ó ronú sí i. "Rárá, Màmá. Ó yà mí lẹ́nu ni. Ẹsẹ̀ mi náà ṣì ni. Mi ò mọ ibi tí nǹkan ọ̀hún gbà jáde."

Lọ́jọ́ kejì ni Drahomíra dán an wò. Mo gbàyè lẹ́nu iṣẹ́ kí n lè wò ó. Taisija sáré, yìnyín ń dún lábẹ́ rẹ̀ bí ìgbà tí wọ́n ń fa aṣọ ya. Ṣùgbọ́n bí Radim bá ti mú un lọ́wọ́, apá rẹ̀ á le gbandi, á na Radim jìnnà sí ara rẹ̀.

"Ẹ súnmọ́ra!" Drahomíra ń pariwo. "Tráàmù Libuše lè gba àárín yín kọjá, èrò á sì jókòó lápá ọ̀tún lápá òsì!"

Nígbà tó yá, Taisija fi ẹsẹ̀ kan ṣoṣo yí gbogbo igun pápá náà po, orúnkún rẹ̀ rọ̀, orí rẹ̀ dúró bí ti ẹni tó ru omi, kò sì mi. Mi ò mọ nǹkan kan nípa eré yìí, àmọ́ mo dìde láìmọ̀. Drahomíra pàtẹ́wọ́, ó kígbe, "Úžasné!"

Ojú ọmọ náà ṣú. Ó kúrò lórí yìnyín, ó tú okùn bàtà, ó jáde. Ìgbà tí mo fi máa délé, ó ti di ẹrù tán.

"Taisija, kí ló ṣẹlẹ̀?"

"Màmá, mo dúpẹ́ ibi tẹ́ ẹ fún mi sùn. Mo gbọ́ ohun tí wọ́n sọ. Ká ní wọ́n pè mí sẹ́gbẹ̀ẹ́ sọ ọ́ ni, ì bá dáa. Rimma Arkadyevna gan-an pè mí sẹ́gbẹ̀ẹ́."

"Kí ni wọ́n sọ?"

"Wọ́n ní ó burú jáì."

Ìgbà yẹn ló tó yé mi. Ọ̀rọ̀ tí àwa fi ń yin ohun tó jọni lójú, tó bá dé etí ará Rọ́ṣíà, ohun tó ń kóni nírìíra ló ń jẹ́. Mo jókòó sórí àpótí rẹ̀ kó má bàa rí i gbé. Mo ṣàlàyé. Kò gbà mí gbọ́. Mo pe Drahomíra lórí fóònù, mo ní kó tún un sọ.

"Úžasné, úžasné, úžasné!" obìnrin náà ń ké lórí fóònù. "Sọ fún un kó má bẹ̀rẹ̀ wàhálà!"

Taisija di fóònù mú, omi ń bọ́ lójú rẹ̀, ó tún ń rẹ́rìn-ín. "Ẹ wo bí wọ́n ṣe ń yìn mí," ló ń sọ. "Ẹ wo bó ṣe ń dunni tó."

Ẹ̀kọ́ bẹ̀rẹ̀. Ohun tó ń dà mí láàmú ni pé nínú ijó orí yìnyín, wọn ò fẹ́ irú fífò tó mọ̀ yẹn rárá. Tó bá gbé e wọlé, wọ́n á gé máàkì rẹ̀. Síbẹ̀, tí Radim bá ti lọ wẹ̀, mo máa ń rí i tó ń yẹ ọ̀tún yẹ òsì wò, á sáré, á fò lẹ́ẹ̀kan, á ṣubú, á gbọn yìnyín dànù lára.

"Kí lo fẹ́ fi ṣe?" mo bi í.

"Mo kàn ń wò ó bóyá ó ti padà dé ni."

Ìṣòro rẹ̀ gan-an ni ìgbẹ́kẹ̀lé. Kì í wo Radim lójú. Ògiri ló ń wò, ọ̀nà iwájú ló ń wò. Drahomíra wá ní kó di ojú rẹ̀, kó di apá aṣọ Radim mú, kí Radim máa fà á yí pápá ká. Bó bá ti ṣe díẹ̀ báyìí, á lajú. Ọ̀sẹ̀ ń gorí ọ̀sẹ̀, kò yí padà. Radim bẹ̀rẹ̀ sí í bínú.

"Ṣé mo ti jẹ́ kó o ṣubú rí ni?"

"Rárá."

"Kí ló wá ń bà ẹ́ lẹ́rù?"

"Ẹ̀rù ò bà mí. Ojú mi ló ń là fúnra rẹ̀."

"Fi gọ́ọ̀mù lẹ̀ ẹ́ pa nígbà náà!"

Lọ́jọ́ Sátidé kan, ó wọ tráàmù mi láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, ó dúró lẹ́yìn gíláàsì ibi ìjókòó mi, ó ń wo àwọn èrò. Nígbà tí a dé ìparí ọ̀nà tí gbogbo ènìyàn sọ̀ kalẹ̀, ó kan gíláàsì.

"Màmá, àwọn èèyàn yìí ò rí ọ̀nà. Kí ló dé tẹ́rù ò bà wọ́n?"

"Àwọn wo? Wọn ò tiẹ̀ rò ó pé mo wà níbí. Ọ̀kan ń jẹ ápù, ìkejì ń bá ọkọ rẹ̀ jà lórí fóònù."

"Wọn ò gbẹ́kẹ̀ lé yín?"

"Ìgbẹ́kẹ̀lé bí ti báwo? Wọ́n gbàgbé mi ni."

Ó bú sẹ́rìn-ín lójijì, ẹ̀rín tí mi ò gbọ́ lẹ́nu rẹ̀ rí. Ó ní àwọn tó ń kọ́ òun ń ní kí òun gbẹ́kẹ̀ lé Radim, òun sì ń sapá, òun ń dìrọ̀ mọ́ ọn lọ́kàn bí ẹni tó fẹ́ jábọ́ sí kànga. Kò sẹ́ni tó sọ fún òun pé òun lè gbàgbé rẹ̀. Ní ọjọ́ Mọ́ńdé, ó di ojú, ó bẹ̀rẹ̀ sí í kọrin kan lábẹ́lẹ̀, orin àwọn ọmọdé ìlú wọn, Radim sì fà á yí pápá ká títí orin fi tán. Nígbà tó lajú, Radim gan-an ló ń wò.

"O ní ojú búlúù," ó sọ fún un.

"Ọjọ́ wo lo dé ìlú yìí ná?" Radim ní. "Oṣù mélòó ló wá ti kọjá?"

Òfin eré náà ni pé ẹni tó bá kúrò ní orílẹ̀-èdè kan sí òmíràn gbọ́dọ̀ dúró fún ọdún kan gbáko kó tó bá wọn díje. Ní gbogbo ọdún yẹn, ibi tí wọ́n ti ń fi igi gbá bọ́ọ̀lù lórí yìnyín ni wọ́n ti ń jó fún èrò ìwòran, kí eré bọ́ọ̀lù náà tó bẹ̀rẹ̀. Àwọn ọ̀mùtí á máa pariwo, "Ẹ gbé e sókè!" Radim á gbé e. Bàbá Taisija ní Perm kò bá a sọ̀rọ̀ ní gbogbo àkókò yẹn. Ìyá rẹ̀ ló ń pè é, tó ń bi í bóyá ó ti ń jẹ knedlíky. Kò jẹ ẹ́ títí dòní.

Nígbà tí ọdún náà pé, wọ́n gba àwọn méjèèjì sí ìdíje gbogbo Yúróòpù lórúkọ ilẹ̀ wa. Mo bá wọn lọ. Wọ́n ṣe ipò kẹrìnlá, inú wa sì dùn bí ẹni tó gba wúrà. Nínú ọ̀dẹ̀dẹ̀ tó gba ẹ̀yìn pápá kọjá, obìnrin kúkurú kan tó wọ ẹ̀wù onírun dúró dè wá. Taisija dárúkọ rẹ̀ sí mi létí. Rimma Arkadyevna ni.

Wọ́n wo ara wọn. Mo ti múra ìjà. Mo ti ń to ọ̀rọ̀ tí mo máa sọ.

"O jó dáadáa," obìnrin náà ní. "Mo jókòó sókè lọ́hùn-ún, mi ò mọ̀ pé ìwọ ni, mo bi ẹni tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi pé ọmọ ta nìyẹn."

"Ẹ ṣé, Rimma Arkadyevna." Taisija mí kanlẹ̀. "Ẹ jọ̀ọ́, mo ní ìbéèrè kan. Mi ò fi bú yín o, mo kàn fẹ́ mọ̀ ni. Lọ́jọ́ tẹ́ ẹ ní kí n máa lọ sílé, kí ló dé tẹ́ ẹ ò sọ fún mi pé ijó wà? Lẹ́gbẹ̀ẹ́ wa náà ni wọ́n ti ń jó. Pápá kan náà la jọ ń lò."

Obìnrin náà bọ́ ìbọ̀wọ́ rẹ̀, ó tún un wọ̀.

"Mi ò mọ̀ ọ́n," ó ní. "Ogójì ọdún ni mo fi kọ́ èèyàn ní fífò. Tí wọ́n bá ti gbé orin ijó sí i, ìgbà yẹn ni mo máa ń lọ mu tíì. Mi ò rí wọn, Tasja. Ìwọ ni mo kọ́kọ́ jókòó wò."

Ọ̀rọ̀ tí mo tò sílẹ̀ fọ́nká mọ́ mi lẹ́nu. Taisija fẹnu kò ó lẹ́rẹ̀kẹ́, wọ́n sì jọ dúró pẹ́ níbẹ̀, obìnrin náà ń bi í bí wọ́n ṣe ń tẹ orúnkún, kí ló dé tí wọn ò gbọdọ̀ jìnnà síra wọn, ta ló ń darí. Ó ń béèrè bí ọmọ tuntun.

Ọdún mẹ́fà ni wọ́n fi jó. Taisija búra gẹ́gẹ́ bí ọmọ ilẹ̀ wa ní gbọ̀ngàn ìlú, bàbá rẹ̀ sì wọ ọkọ̀ ojú irin wá, kò sọ ju pé òtútù ń mú ní yàrá òkè. Ipò kẹjọ ni wọ́n dé gíga jù lọ ní Yúróòpù. Nígbà tó yá, ẹ̀yìn Radim kọ̀ jálẹ̀, dókítà ní kó má gbé ohun tó wúwo mọ́, wọ́n sì fi bàtà kọ́ sókè lọ́jọ́ kan náà. Gbogbo èrò tráàmù mi ló ń bi mí ìgbà tí wọ́n máa fẹ́ra. Wọn ò fẹ́ra. Radim fẹ́ nọ́ọ̀sì kan, Taisija ló sì jókòó lápá ìdílé wa níbi ìgbéyàwó náà, tó sunkún ju èmi lọ.

Ó ń kọ́ àwọn ọmọdé báyìí, ní Brno níbí. Lọ́jọ́ Sọ́ńdè tó kọjá, ó wá jẹun lọ́dọ̀ mi, ìbéèrè tó ti wà nínú mi láti ọjọ́ yìí sì jáde lẹ́nu mi.

"Taisija, ká ní o ò ga ńkọ́? Ká ní o kúrú bẹ́ẹ̀, tó o ń fò lọ, ṣé inú ẹ ì bá dùn jù báyìí lọ?"

Ó jẹ ohun tó wà lẹ́nu rẹ̀ tán kó tó dáhùn.

"Mi ò mọ̀, Màmá. Ọmọbìnrin yẹn, mi ò bá a pàdé rí." Ó na àwo rẹ̀ sí mi. "Ó wù mí kí n mọ ohun tí ì bá sọ, ṣá. Ẹ bu ọbẹ̀ díẹ̀ sí i fún mi, ẹ yọ knedlíky kúrò."