Dókítà Tó Ń Sọ Èkìtì

Ọgbọ̀n ọdún ni mo fi ṣe tíṣà ní Adó. Ọmọ tó bá sọ Èkìtì ní kíláàsì mi, ìdúró ni yóò wà títí wọn yóò fi lu aago. Ẹ má wò mí báyẹn. Nínú àwọn fíìmù tí à ń wò, ta ló ń sọ Èkìtì? Ọmọ-ọ̀dọ̀ ni, tàbí aṣọ́gbà tí wọ́n fẹ́ ká fi ṣẹ̀sín. Mi ò fẹ́ kí ẹnikẹ́ni fi ọmọ wa ṣẹ̀sín.

Àṣé inú ilé mi ni olóríkunkun wà. Fọláwùnmí, ọmọ mi tó ń ṣe eré, ni wọ́n fún ní ipa dókítà nínú fíìmù tí wọ́n wá yà ní ìlú Ìyìn. Ó ní òun yóò ṣe é bí dókítà náà bá máa sọ Èkìtì. Olùdarí ní kò sẹ́ni tí yóò gbà á gbọ́. Ọmọ mi ní kí wọ́n wá ẹlòmíràn.

Mo bá a wí títí. Ó kàn bi mí pé, "Màmá, dókítà tó tọ́jú Dádì, kí ló ń sọ sí wa?" Èkìtì ni. Lọ́jọ́ kẹta, olùdarí gbà.

Gbọ̀ngàn kan ní àdúgbò Adébáyọ̀ ní Adó ni wọ́n ti kọ́kọ́ fi fíìmù náà hàn, ó sì kún fọ́fọ́. Nínú fíìmù náà, Fọláwùnmí jáde nínú aṣọ funfun, ó jókòó ti ìyá ọmọ kan tó ń ṣàìsàn, ó fi Èkìtì ṣèlérí fún un pé ọmọ rẹ̀ yóò padà sílé. "Yèyé, ẹ mọ́ sunkún. Ọmọ ín á padà ulé."

Gbogbo gbọ̀ngàn bú sẹ́rìn-ín. Ọmọ mi tó jókòó tì mí di ọwọ́ mi mú. Inú bí mi débi pé ó kù díẹ̀ kí n dìde bá wọn wí.

Àmọ́ dókítà inú fíìmù ò rẹ́rìn-ín. Ó pàṣẹ, àwọn nọ́ọ̀sì sáré. Ó wọ yàrá iṣẹ́ abẹ, ó ń fi Èkìtì darí gbogbo wọn. Ẹ̀rín ń dínkù. Nígbà tí ọmọ náà lajú, tí dókítà pe ìyá rẹ̀ wọlé, kò sẹ́ni tó ń rẹ́rìn-ín mọ́. Lẹ́yìn náà ni wọ́n pàtẹ́wọ́, wọn ò sì dákẹ́ bọ̀rọ̀.

Obìnrin iwájú mi yíjú sẹ́yìn. "Ẹ jọ̀ọ́, ta ló bí dókítà yìí?"

Mo dìde. Inú mi dùn ju bí mo ṣe lè sọ lọ. "Ọmọ ulé mi ni. Èmi lí mo bí i."

Mo sọ ọ́ sókè, kí àwọn tó wà lẹ́yìn pátápátá lè gbọ́.