Fíìmù Tí Awwal Fi Ìyá Rẹ̀ Ṣe

Ọmọ ẹ̀gbọ́n mi ni Awwal. Ẹ jẹ́ n tètè sọ bẹ́ẹ̀, kí ẹnikẹ́ni má bàa rò pé ọ̀tá rẹ̀ ni mí. Ó fi iṣẹ́ báńkì sílẹ̀, ó ní fíìmù lòun fẹ́ máa ṣe. Kì í ṣe fíìmù oníjà tàbí ti olólùfẹ́ o. Ìgbé ayé ojoojúmọ́ ló ń yà: èèyàn ń fọ abọ́, èèyàn ń dúró de bọ́ọ̀sì. Bí ẹ bá bi í pé kí ló máa wá ṣẹlẹ̀, yóò rẹ́rìn-ín sí yín bí ẹni tó ń ṣàánú òpè.

"Auntie, mi ò kì í interfere. I just observe."

Muminat, ọmọ Alhaja Salihat, ló fẹ́ fi ṣaya, ṣùgbọ́n ìyá ọmọ kò tíì gbà. Ó ní òun ò mọ irú iṣẹ́ tí wọ́n ń pè ní wíwo èèyàn. Nígbà tí wọ́n fẹ́ fi fíìmù náà han aráyé ní gbọ̀ngàn kan ní Skokie, nílùú òyìnbó tí a ń gbé níbí, Awwal ní kí n bá òun bẹ Alhaja kó wá. Bó bá rí iṣẹ́ ọwọ́ òun, á fún òun lọ́mọ. Mo bẹ̀ ẹ́, òun àti Muminat wá, mo sì jókòó tì wọ́n.

Fíìmù bẹ̀rẹ̀. Ẹ̀gbọ́n mi Ràhámọ̀tù, ìyá Awwal, la rí. Ẹ̀rọ tó ń gbéni ròkè ti bàjẹ́ nílé rẹ̀ ní Edgewater, ó ru àpò ìrẹsì, ó ń gun àtẹ̀gùn. Ó dúró, ó di irin mú, ó mí hẹlẹ, ó tún ń gùn ún. Kámẹ́rà ń tẹ̀ lé e lẹ́yìn pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́. Òyìnbó tó wà níwájú mi ń nu omijé. Níbi tí wọ́n ti bí wa, ọmọ tó bá rí àgbà tó ru ẹrù, gbígbà ni yóò gbà á. Ìtìjú mú mi. Bí ilẹ̀ bá lanu ni, ǹ bá kó sí i.

Wọ́n pàtẹ́wọ́ tán, Awwal bọ́ síwájú, wọ́n ní kí oníbéèrè béèrè. Alhaja nawọ́.

"Awwal, well done. Ẹrù wà lórí mummy ẹ, ọwọ́ ẹ méjèèjì wà lára camera. O ò lè gbà á ni?"

"With all respect, ma, tí mo bá gbà á, there's no film. Mi ò kì í dá sí nǹkan tí mo bá ń yà."

Àwa Yorùbá tó wà níbẹ̀ pòṣé lẹ́ẹ̀kan náà. Ó dun ẹ̀gbọ́n mi, tó jókòó lẹ́yìn wa, wọra. Ìyá wo ló máa jókòó kí wọ́n máa bú ọmọ rẹ̀ níṣojú òyìnbó? Ó dìde.

"Alhaja, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má bínú sí ọmọ mi. Kì í ṣe pé ó kàn ń wò mí níran. Ó dá sí i dáadáa. Mo ti gbé e dókè tán, ló ní ibẹ̀ ṣókùnkùn jù. Ó pààrọ̀ bulb, ó ní, 'Mummy, ẹ gbé e padà sísàlẹ̀, ẹ tún un gbé.' Ó tiẹ̀ ní kí n rọra. Ọmọ tó ń tọ́jú mi ni."

Ó jókòó pẹ̀lú ìdùnnú.  Alhaja mú báàgì rẹ̀, ó yíjú sí Muminat kó lè sọ fún un pé ó yá, ṣùgbọ́n Muminat ti wà lẹ́nu ọ̀nà, ó ń wọ kóòtù rẹ̀.