Lẹ́tà Kọ́púrà Pẹ́lì

Ojú wọn ṣe mẹ́rin nígbà tí gbogbo èrò dákẹ́ jẹ́ẹ́.

Kò sẹ́ni tó ti sọ fún Àrínọlá pé ọkọ̀ ojú irin abẹ́ ilẹ̀ máa ń dúró ní Toronto lọ́jọ́ kọkànlá oṣù kọkànlá, tí aago mọ́kànlá bá ti lù. Ọdún kìíní rẹ̀ nílùú náà nìyí. Iṣẹ́ alẹ́ ló ti ń bọ̀ ní ọsibítù ní Newmarket, oorun ń kùn ún, èrò sì há gádígádí nínú subway débi pé kò sáyè láti yún imú. Lójijì ohùn kan sọ̀rọ̀ lókè pé kí wọ́n rántí àwọn tó lọ sógun tí wọn ò padà wálé. Ọkọ̀ dúró. Ẹni tó ń jẹ chips dá a dúró. Ọmọ tó ń sunkún pàápàá panu mọ́.

Nínú ìdákẹ́jẹ́ yẹn ni Àrínọlá gbójú sókè, tó sì rí i.

Ọmọkùnrin náà ga, ó dúdú dán, òdòdó pupa kékeré tí wọ́n fi ń rántí àwọn ológun wà láyà kóòtù rẹ̀. Ó di àga kan tó ní táyà mú, bàbá òyìnbó arúgbó kan ló jókòó sínú rẹ̀, àmì ẹ̀yẹ ológun kún àyà bàbá náà bámúbámú. Ọmọkùnrin náà wo Àrínọlá. Àrínọlá wò ó padà. Ó yẹ kó gbójú kúrò, àmọ́ ojú ò gbọ́. Àyà rẹ̀ ń lù kìkì, ẹ̀rù sì bà á pé àwọn èrò á gbọ́ ọ nínú ìdákẹ́jẹ́ yẹn. "Àrínọlá, fara balẹ̀," ó sọ fún ara rẹ̀. "Nọ́ọ̀sì ni ẹ́."

Ọkọ̀ gbéra, ó ta gìrì. Bàtà yìnyín Àrínọlá, tó wúwo bí òkúta, balẹ̀ sórí ẹsẹ̀ bàbá òyìnbó náà.

"Yéè! Ẹ pẹ̀lẹ́, sà! Ẹ pẹ̀lẹ́ o!" Gbogbo Gẹ̀ẹ́sì tó kọ́ ló ti sá lọ.

Bàbá náà ò ké. Ńṣe ló gbá ọwọ́ rẹ̀ mú. Ó wí lédè Gẹ̀ẹ́sì pé, "Kí lo sọ yẹn?"

"Mo ní ẹ má bínú, sà."

"Rárá, kì í ṣe ìyẹn. Èyí tó o kọ́kọ́ sọ."

"Ẹ… ẹ pẹ̀lẹ́?"

Omi lé ròrò sójú bàbá náà. "Pẹ́lì," ó wí. "O mọ̀ ọ́n! Ṣé ẹbí rẹ ni Kọ́púrà Pẹ́lì?"

Àrínọlá wo ọmọkùnrin tó di àga mú, bí ẹni pé kó gba òun. 

Ibùdókọ̀ kan náà ni wọ́n sọ̀ sí. Ó yẹ kí bàbá náà ti wà níbi ayẹyẹ ìrántí láti òwúrọ̀, àmọ́ ó ti kọ̀ jálẹ̀ pé òun ò ní jáde láìkọ́kọ́ fi ọwọ́ ara òun nu àmì ẹ̀yẹ òun, kó sì pààrọ̀ táì ní ìgbà tí ẹnikẹ́ni ò lè kà mọ́. Báyìí, kò bìkítà fún ayẹyẹ mọ́. Wọ́n jókòó sí ṣọ́ọ̀bù kọfí kan, ọmọkùnrin náà sì sọ orúkọ ara rẹ̀: Ọlárìndé, Milton nítòsí Toronto ló dàgbà sí. Iṣẹ́ rẹ̀ ni kó gbé kámẹ́rà síwájú àwọn arúgbó Júù Toronto, àwọn tó jagun àtàwọn tó la àgọ́ ikú àwọn Násì já, kó gba ìtàn wọn sílẹ̀ kí ọjọ́ tó lọ.

"Mr. Lipkin ti pé ọgọ́rùn-ún ọdún," ó wí. Yorùbá rẹ̀ ń kọsẹ̀ bí ọmọ tó ń kọ́ ìrìn. "Mo ti… how do I say it… mo ti wá Kọ́púrà Pẹ́lì yìí kiri. Àwọn sójà, ìwé ìjọba, everywhere. Kò sí."

"Ṣé mo lè gbọ́ ìtàn náà?" Àrínọlá bi bàbá náà.

Inú Mr. Lipkin ò dùn tó bẹ́ẹ̀ rí. Ó nàró nínú àga.

"Àdúgbò Spadina níbí ni wọ́n bí mi sí. Bàbá mi ń rán kóòtù. Àwọn àbúrò màmá mi wà ní Poland, wọ́n ń kọ lẹ́tà sí wa, títí lẹ́tà fi dáwọ́ dúró. Bí mo ṣe dàgbà tó, mo lọ wọṣẹ́ ológun òfuurufú. Mo fẹ́ bá àwọn tó pa lẹ́tà yẹn lẹ́nu mọ́ jà. Wọ́n wò mí lókè nílẹ̀, wọ́n sì rán mi lọ sí Burma!"

"Bóma," Àrínọlá wí, ó fẹ́rẹ̀ẹ́ má mọ̀ pé òun sọ ọ́ jáde.

"A máa ń já oúnjẹ sílẹ̀ láti òkè fún àwọn sójà Áfíríkà tó wà nínú igbó. Lọ́jọ́ kan wọ́n yìnbọn lu ọkọ̀ òfuurufú wa. Èmi nìkan ni mo yè. Itan mi ṣẹ́. Mo dùbúlẹ̀ sínú ẹrẹ̀, mò ń gba àdúrà tí Júù máa ń gbà tó bá fẹ́ kú. Ìgbà yẹn ni àwọn sójà Áfíríkà yẹn yọ sí mi nínú ewé. Wọ́n gé igi, wọ́n ta pàrásúùtù sí i, wọ́n tẹ́ mi sí i, wọ́n sì rù mí. Kì í ṣe léjìká o! Lórí! Bí ẹrù! Ẹni tó wà níwájú ní àmì méjì lápá, àmì kọ́púrà. Gbogbo ìgbà tí mo bá ti ké, á yíjú sí mi díẹ̀, á ní, 'Pẹ́lì. Pẹ́lì o.' Mo gbà pé orúkọ rẹ̀ ló ń sọ fún mi. Mo dáhùn pé, 'Hershel.' Ó rẹ́rìn-ín."

Ó ki ọwọ́ sínú kóòtù, ó fa àpòòwé kan yọ, etí àpòòwé náà ti gbó bí aṣọ.

"Mo kọ lẹ́tà yìí sí i ní ọsibítù. Wọ́n dá a padà fún mi, wọ́n ní kò sí Kọ́púrà Pẹ́lì lórí ìwé. Rivka ìyàwó mi, àgọ́ àwọn Násì lòun ti bọ́. Ó ní, 'Hershel, má fi póòsì rán an mọ́. Fi ọwọ́ ara rẹ fún un. Àwọn tó ju búrẹ́dì sí wa láti ẹ̀yìn wáyà, mi ò lè rí wọn mọ́ láyé. Ìwọ wá tìẹ rí.' Mo ṣèlérí fún un kó tó kú. Ohun kan ṣoṣo tó kù fún mi láti ṣe nìyẹn."

Ẹ̀rín ń pa Àrínọlá, omijé sì ń bọ̀ lójú rẹ̀ lẹ́ẹ̀kan náà.

"Baba," ó wí, "pẹ̀lẹ́ kì í ṣe orúkọ. Ọ̀rọ̀ wa ni. Tí nǹkan bá dun ènìyàn, tó bá ṣubú, tó bá ń ṣàìsàn, ohun tá a máa ń sọ fún un nìyẹn. Ó ń bá yín kẹ́dùn ni." Ó wá kọjú sí Ọlárìndé. "Ẹ̀yin ńkọ́? Ọmọ Yorùbá! Ṣé màmá yín ò sọ 'pẹ̀lẹ́' fún yín rí ní Milton?"

Ọlárìndé fi ọwọ́ bo ojú. "Every day. Ṣùgbọ́n lórí ìwé ni mo ti rí i, P-e-l-l-e-y. Mo rò pé àlùfáà òyìnbó kan ló sọ ọ́ lórúkọ ní ṣọ́ọ̀ṣì."

"Etí yín ti wọ jákẹ́ẹ̀tì òtútù."

Ó rẹ́rìn-ín, Ọlárìndé náà rẹ́rìn-ín, àmọ́ Mr. Lipkin ò rẹ́rìn-ín. Ó gbé àpòòwé náà kalẹ̀ sórí tábìlì.

"Kò sí Pẹ́lì nígbà náà," ó wí wúyẹ́wúyẹ́. "Gbogbo ọdún wọ̀nyí, ọ̀rọ̀ ìkẹ́dùn ni mò ń kọ̀wé sí. Rivka, lẹ́tà yìí ò lẹ́ni tó ni ín."

Ọkàn Àrínọlá bà jẹ́. Ó wa ọwọ́ bàbá náà mú. Ohun kan ń jẹ ẹ́ lọ́kàn, àtìgbà tí bàbá náà ti sọ pé orí ni wọ́n fi ru òun. Níbo lòun ti gbọ́ irú ìyẹn?

"Baba, ẹ jọ̀ọ́. Àdúrà tẹ́ ẹ gbà nínú ẹrẹ̀ yẹn. Báwo ló ṣe lọ?"

Mr. Lipkin dijú. "Shema Yisrael…"

Ife kọfí bọ́ lọ́wọ́ Àrínọlá.

"Ísírẹ́lì," ó wí. "Ọlọ́run mi. Arù-Ísírẹ́lì!"

Ó ti bú sẹ́kún kó tó lè ṣàlàyé. Ní Ìpetumodù, orúkọ ẹ̀sín kan wà lórí ilé wọn. Bàbá ìyá rẹ̀ àgbà lọ sí Bóma, ó dé, ó ní àwọn ru òyìnbó kan tó ń jẹ́ Ísírẹ́lì jáde nínú igbó, pé Ísírẹ́lì inú Bíbélì gan-an ni, òun gbọ́ ọ tó ń pe orúkọ ara rẹ̀. Gbogbo ìlú rẹ́rìn-ín títí wọ́n fi ń di ìhà mú. Àwọn ọmọ ilé ìwé a máa bi ìyá rẹ̀ àgbà léèrè pé, "Bàbá rẹ rí Mósè ńkọ́? Ṣé ó kí i?" Wọ́n sọ bàbá náà ní Arù-Ísírẹ́lì, bẹ́ẹ̀ ló sì ṣe kú, pẹ̀lú orúkọ onírọ́ lórí.

"Ọmọ rẹ̀, ìyá mi àgbà, wà láyé," Àrínọlá wí. "Weston níbí ló wà, lọ́dọ̀ Auntie Rónkẹ́. Ọ̀la ló ń padà sílé."

Ọlárìndé ti dìde. "Mo páàkì mọ́tò sí ìsàlẹ̀ ilé Mr. Lipkin. Ẹ jẹ́ ká lọ."

Nínú ẹ̀rọ agbéniròkè ilé gíga náà ní Weston, Mr. Lipkin ń tún táì rẹ̀ ṣe. Lẹ́yìn rẹ̀, ọwọ́ Ọlárìndé kan ọwọ́ Àrínọlá, kò sì gbé e kúrò. Àrínọlá náà ò gbé tiẹ̀. Ara rẹ̀ gbóná wọ̀ọ̀ bí ẹni pé òtútù ò wà láyé rí.

Auntie Rónkẹ́ ń wọn àpótí lórí ìwọ̀n ní pálọ̀, ó ń bá ìyá rẹ̀ jà lórí ọṣẹ ìfọṣọ tó pọ̀ jù. Ìyá Àgbà Àyọ̀ká jókòó lórí àpótí kejì kó lè pa dé.

Ọlárìndé dọ̀bálẹ̀ gbalaja. "Ẹ káàárọ̀, Mà!"

"Ọ̀sán ti pọ́n, ọkọ mi, àmọ́ mo gbà á," Ìyá Àgbà wí. Ó ju ojú sí ọmọ-ọmọ rẹ̀. "Àrínọlá, ọmọ ta nìyí? Àti pé bàbá wo lẹ tì wá yìí?"

Àrínọlá kúnlẹ̀, ó sì sọ gbogbo rẹ̀. Nígbà tó parí, Ìyá Àgbà ò fò sókè gẹ́gẹ́ bí Àrínọlá ṣe rò. Ojú obìnrin náà le. Wọ́n ti fi ọ̀rọ̀ yìí ṣe é ní yẹ̀yẹ́ jù láti kékeré.

"Ẹ bi í fún mi," ó wí. "Kí ni bàbá mi gbé fún un nínú igbó tó lóun ò jẹ?"

Ọlárìndé túmọ̀ rẹ̀. Mr. Lipkin bú sẹ́rìn-ín, omijé sì ń dà lójú rẹ̀.

"Ẹran ẹlẹ́dẹ̀! Inú agolo! Ebi ń pa mí kú lọ, àmọ́ tí mo bá jẹ ẹ́, màmá mi á gbọ́ ọ ní Spadina. Mo mi orí. Ó wò mí títí, ó pe àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ kí wọ́n wá wò mí, ó wá fún mi ní ìrẹsì tirẹ̀."

Ìyá Àgbà Àyọ̀ká dìde lórí àpótí, ìdérí rẹ̀ sì là gbàù.

"Torí ẹlẹ́dẹ̀ yẹn ni bàbá mi fi gbà pé Ísírẹ́lì ni!" ó ké. "'Kò jẹ ẹ́, Àyọ̀ká! Ebi ń pa á, kò jẹ ẹ́!' Títí tó fi kú ló ń sọ ọ́. Rónkẹ́, ṣé ò ń gbọ́? Bàbá mi ò purọ́! Ẹ̀yin ará Ìpetumodù, ọmọ Arù-Ísírẹ́lì ń bọ̀ wálé! Inú ṣọ́ọ̀ṣì ni wọn ó ti gbọ́ ọ. Ẹni tó bi mí nípa Mósè, òun ni n ó gbé jókòó síwájú!"

"Morufat ti kú, Mà," Auntie Rónkẹ́ wí.

"Àwọn ọmọ rẹ̀ wà."

Ó rìn lọ síwájú àga bàbá náà, ó rọra kúnlẹ̀ lórí eékún tó ń dùn ún, ó sì gbé ọwọ́ lé itan tó ṣẹ́ nígbà náà lọ́hùn-ún. "Ẹ pẹ̀lẹ́, sà," ó wí. "Ẹ pẹ̀lẹ́ o."

Lọ́tẹ̀ yìí, Mr. Lipkin mọ ohun tó túmọ̀ sí. Ó béèrè pé, "Kí lorúkọ rẹ̀? Orúkọ rẹ̀ gan-an."

"Ṣẹ́gunfúnmi," Ìyá Àgbà wí. "Ṣẹ́gunfúnmi Adélọ́lá."

"She-gun…"

"Ṣẹ́-gun-fún-mi."

Ó gbìyànjú rẹ̀, ó ṣì í, ó tún un sọ títí Ìyá Àgbà fi mi orí. Ó wá béèrè bíró. Ó fa ìlà gbọọrọ kan sórí "Corporal Pelley" lára àpòòwé. Àrínọlá ń pe lẹ́tà orúkọ náà fún un níkọ̀ọ̀kan, Ọlárìndé di àpòòwé mú kó má gbọ̀n, bàbá náà sì kọ ọ́ gàdàgbà-gàdàgbà bí ọmọ ilé ìwé, kò fi àmì ohùn kankan sílẹ̀.

Ó na ọwọ́ rẹ̀ méjèèjì. Ọmọ Arù-Ísírẹ́lì nu ọwọ́ sára ìró rẹ̀, ó na tirẹ̀ méjèèjì, ó sì gba lẹ́tà bàbá rẹ̀.