Iná Tí Anselme Tẹjú Mọ́

Àbúrò mi Anselme Courtade tẹjú mọ́ iná kí wọ́n lè kà á sí òṣèré gidi, wọ́n sì kà á sí òṣèré gidi.

Ṣáájú ìgbà yẹn, apanilẹ́rìn-ín ni ilé iṣẹ́ tí a ti ń ya sinimá ní Montreuil, lẹ́bàá Paris, fi í ṣe. Ó ń já sínú àgbá omi, ajá ń fa ṣòkòtò rẹ̀ ya, èmi a sì rán an, torí èmi ni mò ń rán aṣọ níbẹ̀. Gbogbo Paris mọ ojú rẹ̀. Orúkọ rẹ̀ ni wọn kò mọ̀, torí Bidouche tí ilé iṣẹ́ sọ ọ́ ni wọ́n ń kọ sára pátákó. Àwọn ọmọdé a máa sọ èèpo búrẹ́dì lù ú lójú ọ̀nà kí ó lè ṣubú fún wọn.

Ẹyinjú rẹ̀ ló ń dí i lọ́wọ́. Ó rí bí aṣọ aró tó ti ṣá, fíìmù ayé ìgbà náà kò sì mọ àwọ̀ yẹn, funfun ló máa ń sọ ọ́. Bí ẹ bá rí Anselme nínú sinimá, bí afọ́jú ló rí. Ìyẹn dára fún ẹ̀rín. Kò dára fún ẹkún.

Nígbà òtútù kan, òṣèré tó yẹ kó ṣe baba nínú fíìmù gígùn kan bá olùdarí wa, Musyé Vauquelin, jà, ó sì lọ. Baba náà ló ń ṣọ́ iná etí òkun tó ń júwe ọ̀nà fún ọkọ̀ ojú omi, tó ń wo iná náà nígbà tí ọkọ̀ ọmọ rẹ̀ ń rì. Anselme bẹ̀bẹ̀ títí wọ́n fi fún un. Mo wá rí ìgò kékeré kan lọ́wọ́ rẹ̀, oògùn tí àwọn òṣèrébìnrin ń kán sójú kí ọmọlójú wọn lè fẹ̀, kó sì dúdú.

Mo ní, "Ta ló fún ẹ nìyẹn?"

"Sidonie ni. Òun náà ń kán an, ojú ẹ̀ ò fọ́."

"Sidonie kì í wo iná. Ọkùnrin olówó ló ń wò."

Ó rẹ́rìn-ín. "Ẹ̀gbọ́n mi, ẹ má bẹ̀rẹ̀. Tí mi ò bá ṣe èyí, inú àgbá omi ni màá kú sí."

"Àgbá omi ò lè fọ́ ẹ lójú."

"Ó ti fọ́ mi lẹ́yìn."

Mo padà sídìí aṣọ tí mò ń rán.

Oòrùn kò tó lọ́jọ́ tí a fẹ́ ya ìran náà. Musyé Vauquelin sọ̀rọ̀ gígùn nípa iṣẹ́ ọnà àti ìmọ́lẹ̀. Ohun tó ń sọ ni pé kí wọ́n yọ dígí iwájú iná ńlá tí Anselme máa wò.

Gaspard tó ń tan iná ní, "Ọ̀gá, dígí yẹn ló ń gba ojú èèyàn là."

"Kò ní pẹ́ rárá."

Anselme, tó ti kán oògùn náà sójú, tẹjú mọ́ iná tí kò ní dígí mọ́ náà, kò ṣẹ́jú. Nígbà tí wọ́n pa iná náà, àwọn káfíńtà ń nu omijé. Vauquelin ní kí wọ́n tún un ṣe, bóyá èyí tí wọ́n kọ́kọ́ yà lè bàjẹ́. Ó tún un ṣe.

Mo gé pòtétò tútù lé e lójú, bí gbogbo wa ti ń ṣe nígbà tí iná bá ta wá. Ojú àwọn yòókù máa ń yá tí ilẹ̀ bá mọ́. Tirẹ̀ kò yá. Ohunkóhun tó bá wò, dúdú kan bo àárín rẹ̀, ẹ̀gbẹ́ ohun náà nìkan ló ń rí.

Fíìmù náà jáde, wọ́n kọ Anselme Courtade gàdàgbà sára pátákó. Mo mú un lọ. Àwọn èèyàn ń sunkún.

Ó bi mí pé, "Ẹ̀gbọ́n mi, ṣé ojú mi dúdú?"

"Ó dúdú."

"Ṣé ó jọ ti baba gidi?"

"Ó jọ ọ́."

Obìnrin iwájú wa yíjú padà, ó ní, "Ẹ jọ̀ọ́, ẹ dákẹ́, mo fẹ́ wo ọkùnrin yẹn."

Wọ́n tún pè é síṣẹ́. Ṣùgbọ́n ẹfun ni wọ́n fi ń fa ìlà sílẹ̀ fún òṣèré. Ẹni tó bá kọjá rẹ̀, ẹ̀rọ tí a fi ń ya fíìmù kò ní rí ẹsẹ̀ rẹ̀. Anselme kò rí ìlà náà. Vauquelin fi ọ̀rọ̀ dídùn lé e lọ, ẹlòmíràn sì ti wọ ṣòkòtò Bidouche.

Ọ̀dọ̀ mi ló gbé títí ó fi kú. Bí a bá jókòó jẹun, yóò yí orí sẹ́gbẹ̀ẹ́ láti wá mi, ṣùgbọ́n kò rí odindi ojú èèyàn kankan mọ́.