Ọkọ Mi Kékeré Nínú Ọkọ̀ Abẹ́ Odò

Mo lá àlá kan mọ́jú òní. Ẹ̀yin ìyàwó ilé, ẹ sún mọ́ mi kí n sọ ọ́ kí Eyínfúnjowó tó múra tán, torí mi ò fẹ́ kó gbọ́ ọ lọ́jọ́ tí a ń gbé e lọ fún iṣẹ́ abẹ.

Ẹ rántí ọgbà ìṣeré tí àwọn ọmọ mú èmi àti òun lọ nígbà Kérésì. Gbọ̀ngàn ńlá kan wà níbẹ̀ tí wọ́n kùn bí ìsàlẹ̀ odò. Ọkọ̀ ojú irin kékeré kan ń sáré nínú rẹ̀, ó ń gun òkè, ó ń já wálẹ̀, ó ń wọ inú ihò òkùnkùn lọ. Lọ́jọ́ náà, Eyínfúnjowó wọ̀ ọ́, èmi dúró, mo bá a mú báàgì. Nígbà tó jáde, ẹ̀rín ló ń rín. Ibẹ̀ náà ni àlá tún gbé mi lọ.

Báàgì rẹ̀ ṣì wà lọ́wọ́ mi. Gbọ̀ngàn náà pa rọ́rọ́. Àwọn ẹja oníke tí wọ́n fi okùn so kọ́ òkè ń yí ojú tẹ̀ lé mi. Ọ̀kan nínú wọn ní, "Ẹ bọ́ bàtà, Màmá. Odò la wà." Mo bọ́ bàtà. Ilẹ̀ tutù lóòótọ́.

Ọkọ̀ náà jáde láti inú ihò láìpariwo. Eyín nìkan ni mo kọ́kọ́ rí nínú òkùnkùn, funfun báláú. Mo mọ eyín náà. Òun ló jẹ́ kí n máa pe ọkọ mi kékeré yìí ní Eyínfúnjowó láti ọjọ́ tí ẹ gbé mi wọlé ní ìyàwó, tí òun jẹ́ ọmọ ọdún mẹ́fà. Wọ́n ti bí i sílé kí n tó dé, mi ò sì lè pè é lórúkọ. Ó jókòó síwájú pátápátá, bó ṣe rí lónìí gan-an, ó ń juwọ́ sí mi.

Ìyá ọkọ mi ló jókòó tì í. Ẹ mọ̀ pé ó ti pé ọdún mọ́kànlá tí Ìyá ti kú. Lẹ́yìn wọn, gbogbo àga kún fún àwọn ará ilé wa tí a ti sin. Aṣọ tí a fi sin wọ́n ló wà lára wọn, wọ́n sì de bẹ́líìtì mọ́ra dáadáa. Mo kí wọn, wọ́n dá mi lóhùn. Ọkọ̀ tún wọ ihò lọ.

Mo wá ẹni tó ń darí ibẹ̀ lọ. Ọ́fíìsì rẹ̀ léfòó sókè bí ewé orí omi. Nígbà tí mo na ọwọ́ sí i, ó rọra sọ̀ kalẹ̀. Ọkùnrin kan jókòó nínú rẹ̀ pẹ̀lú táì lọ́rùn àti ìwé ńlá níwájú.

"Ọ̀gá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá mi sọ èèyàn mi kan kalẹ̀."

"Èwo nínú wọn, Màmá?"

"Èyí tó wà níwájú, tó ń rẹ́rìn-ín. Ọkọ mi ni."

Ó na ọrùn wo inú ihò. "Obìnrin ni mo rí níwájú."

"Ọkọ mi kékeré ni. Àbúrò bàbá àwọn ọmọ mi."

"Ẹ kọ orúkọ rẹ̀ síbí. Ẹ̀ẹ̀mẹrin ni ọkọ̀ yìí máa ń yí. Tó bá yí ìkẹrin tán, mi ò lè dá ẹnikẹ́ni tó wà nínú rẹ̀ padà mọ́."

Bó ti ń sọ ọ́ ló ń di òbúkọ. Kò yà mí lẹ́nu, irùngbọ̀n ti wà lójú rẹ̀ tẹ́lẹ̀. Táì náà ò kúrò lọ́rùn rẹ̀.

Ọkọ̀ tún jáde. Eyínfúnjowó ti di ọ̀dọ́ obìnrin, ó mú ṣọ́ọ̀kì lọ́wọ́, bó ṣe rí nígbà tó ń kọ́ mi ní ìwé lẹ́yìnkùlé, tí ẹ̀wà mi ń hó lórí iná. Ó kígbe sí mi bó ti ń kọjá, "Ìyàwó, mú bírò yẹn dáadáa, kì í ṣe ọmọrogùn."

Mo mú un dáadáa. Mo kọ Eyínfúnjowó, gàdàgbà-gàdàgbà. Òbúkọ náà kà á, ó ya ojú ìwé ọ̀hún, ó jẹ ẹ́.

"Ó dùn," ló wí. "Ṣùgbọ́n kò sí ẹni tó ń jẹ́ bẹ́ẹ̀ lọ́dọ̀ mi. Orúkọ tí wọ́n sọ ọ́ lọ́jọ́ kẹjọ ni mò ń béèrè."

"Mo mọ̀ ọ́n, ọ̀gá. Mi ò lè pè é ni."

"Mi ò ní kí ẹ pè é. Mo ní kí ẹ kọ ọ́."

Bírò ọwọ́ mi dá sí i. "Òótọ́ ló sọ, Màmá. Ẹ tiẹ̀ yára, tàdáwà inú mi ń gbẹ."

Ìgbà kẹta tí ọkọ̀ jáde, ọmọ ọdún mẹ́fà ló wà níwájú. Eyín iwájú rẹ̀ méjì ti ká. Kò juwọ́ sí mi mọ́. Ó fa aṣọ Ìyá, ó ní, "Ìyá, ta nìyẹn?"

Ìyá ní, "Ìyàwó tí wọ́n máa gbé wá fún ẹ̀gbọ́n rẹ ni. Kò tíì dé."

Ìyá wá kọjú sí mi. "Ìyàwó, wọ́n ní o fẹ́ kọ orúkọ ọkọ rẹ sínú ìwé."

"Ẹ má bínú, Ìyá."

"Ta ló kọ́ ọ ní ìwé kíkọ?"

"Òun náà ni."

Ìyá ń wo ọmọ tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ títí ọkọ̀ fi wọ ihò.

Mo bẹ̀rẹ̀ sí í kọ ọ́. Lẹ́tà kan, lẹ́tà méjì. Àwọn ẹja ti dẹ́kun yíyí. Èémí òbúkọ gbóná létí mi. Mo tún kọ lẹ́tà kan, ọkọ̀ sì yọ.

Àga ọmọ náà ti ṣófo. Ìyá fi ọwọ́ méjèèjì gbá ikùn rẹ̀ mú, ikùn náà sì tóbi, ó yọ síta bíi ti aláboyún tó ń retí ọjọ́.

"Ó ku lẹ́tà mélòó?" ló bi mí, Ìyá tí kò ka ìwé rí láyé.

"Ó ku díẹ̀, Ìyá."

"Kọ ọ́ tán."

Mo jí.

Orí àga ni mo sùn sí, mo gbé orí lé tábìlì. Ewúrẹ́ aládùúgbò wa ń ké lójú fèrèsé, bírò wà lọ́wọ́ mi, fọ́ọ̀mù ilé ìwòsàn tí wọ́n ní kí ẹni tó máa bá a lọ kọ sì wà lábẹ́ ẹ̀rẹ̀kẹ́ mi. Mo gbé e sún mọ́ ìmọ́lẹ̀. Níbi tí wọ́n ti béèrè orúkọ aláìsàn, ohun tí mo ti kọ síbẹ̀ láti ìrọ̀lẹ́ àná ni Eyínfúnjowó, gàdàgbà-gàdàgbà.

Mo fa ìlà lé e. Mo gbé fọ́ọ̀mù náà lé orí àga, mo kúnlẹ̀ síwájú rẹ̀, mo kọ orúkọ náà láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin. Mi ò pè é o. Mo kọ ọ́ ni.

Mi ò tíì dìde tí Eyínfúnjowó fi jáde láti balùwẹ̀ pẹ̀lú orín lẹ́nu.

"Ìyàwó, kí lò ń wá nílẹ̀ láàárọ̀ yìí?"

Mo ní bírò mi ló já bọ́.

Ó wo bírò náà lọ́wọ́ mi, ó wo fọ́ọ̀mù tó wà lórí àga. Ó ń run orín rẹ̀ lọ.